Ta Ló Rán Ẹ̀kú? Ricky Lee àti Ọ̀rọ̀ Ẹlẹ́rìí nínú Sinimá Ilẹ̀ Filipínì

Bí a bá bi àwọn tó mọ tinú-tẹ̀yìn sinimá ilẹ̀ Filipínì léèrè pé ta ló ni fíìmù Himala, tó jáde ní ọdún 1982, orúkọ méjì ni wọn yóò kọ́kọ́ dá: Ishmael Bernal tó darí rẹ̀, àti Nora Aunor, òṣèrébìnrin tó kó ipa Elsa. Ìdáhùn náà kò burú. Ṣùgbọ́n ẹnì kẹta wà, tó kọ ọ̀rọ̀ tí Aunor sọ, tó sì to àwọn ìṣẹ̀lẹ̀ tí Bernal yà sínú àwòrán. Ricardo Lee ni, ẹni tí tilé-toko mọ̀ sí Ricky Lee. Bí eégún bá jáde, eégún ni gbogbo ayé ń wò. Ẹni tó fi abẹ́rẹ́ àti òwú jókòó ti ẹ̀kú kì í sí lójú agbo. Ní ọdún 2001, lẹ́yìn tí Bernal ti kú, ìjọba fi oyè Oníṣẹ́-Ọnà Orílẹ̀-èdè dá a lọ́lá, èyí tí kò sí oyè ọnà mìíràn tó ga jù ú lọ ní ilẹ̀ náà. Ọdún 21 kọjá kí oyè kan náà tó kan Lee, ní 2022, nígbà tí wọ́n fi òun, Aunor àti olóògbé Marilou Diaz-Abaya, tó jẹ́ olùdarí, jẹ ẹ́ papọ̀.

Ohun tí àpilẹ̀kọ yìí fẹ́ fi hàn kò ju ẹyọ kan lọ. Ìbéèrè kan ń jẹyọ léraléra nínú iṣẹ́ Lee, láti ọdún 1980 títí di ìgbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìtàn-àròsọ gígùn: ẹni tó rí ìyà ẹlòmíràn, tó sì sọ ọ́ di ìtàn, kí ni gbèsè tó jẹ ẹni tó jẹ ìyà náà? Ìbéèrè yìí ń bá Lee kiri láti ọ̀dọ̀ olùdarí kan dé ọ̀dọ̀ òmíràn. Lámèyítọ́ tó bá ń fi orúkọ olùdarí nìkan to àwọn fíìmù wọ̀nyí kò lè rí i, nítorí pé yóò ti pín in sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ kó tó jókòó láti wò ó.

Ìlú Daet, ní ẹkùn Camarines Norte, ni a bí Lee sí ní ọdún 1948. Ọmọdé ni nígbà tí ìyá rẹ̀ kú, ọwọ́ àwọn mọ̀lẹ́bí ló sì dàgbà sí. Ó di èrò Manila, ó wọ Yunifásítì ilẹ̀ Filipínì láti kẹ́kọ̀ọ́ nípa èdè Gẹ̀ẹ́sì, kò sì parí ẹ̀kọ́ náà. Ìtàn kúkúrú ló kọ́kọ́ gbé orúkọ rẹ̀ jáde, ó gba ẹ̀bùn Palanca tí àwọn òǹkọ̀wé ibẹ̀ ń fojú ńlá wò, ó sì tún ń ṣiṣẹ́ akọ̀ròyìn. Nígbà tí Ààrẹ Ferdinand Marcos kéde òfin ológun ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1972, Lee wà lára àwọn òǹkọ̀wé tó ta ko ìjọba náà. Wọ́n mú un ní 1974, wọ́n sì tì í mọ́ Fort Bonifacio fún nǹkan bí ọdún kan. Ohun méjì nínú ìtàn yìí yóò wúlò fún wa níwájú: pé akọ̀ròyìn ni Lee kó tó di òǹkọ̀wé sinimá, àti pé ó ti gbé níbi tí ènìyàn kì í ti í ní àṣẹ lórí ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀.

Jaguar (1979), tí Lino Brocka darí, ló sọ orúkọ rẹ̀ di ńlá. Òun nìkan kọ́ ló kọ ọ́. Òun àti akéwì Jose F. Lacaba, tí òun náà ti rí ẹ̀wọ̀n Marcos, ni wọ́n jọ kọ ọ́, láti inú ìròyìn kan tí Nick Joaquin ti kọ tẹ́lẹ̀. Poldo, olú ẹ̀dá-ìtàn náà, jẹ́ ọlọ́dẹ. Àwọn ará Manila a máa yí ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń pe ọlọ́dẹ sódì kó lè di jaguar, nítorí náà ẹ̀fẹ̀ ìgboro wà nínú àkọlé náà kí a tó ronú kan ẹranko. Poldo ń ṣọ́ ọ̀gá rẹ̀, ó rò pé ọ̀rẹ́ ni àwọn, ó pa ènìyàn nítorí rẹ̀, ọ̀gá sì ṣẹ́ ẹ kù. Ní 1980, Jaguar ni fíìmù ilẹ̀ Filipínì àkọ́kọ́ tó wọ ìdíje gbòógì ní àjọ̀dún fíìmù Cannes. Nítorí pé ọwọ́ méjì ló kọ ọ́, yóò ṣòro láti fi í ṣe ẹ̀rí fún ohun tí a ń wá. Ohun kan ṣoṣo ni a lè mú níbẹ̀: inú ìwé ìròyìn ni ìtàn náà ti wá.

Brutal, tó jáde ní ọdún 1980, ni ọ̀rọ̀ náà ti fojú hàn. Marilou Diaz-Abaya ló darí rẹ̀, Lee nìkan ló sì kọ ìwé-eré rẹ̀. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Monica pa ọkọ rẹ̀ àti àwọn ọ̀rẹ́ ọkọ náà. Kò sọ̀rọ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá bi í léèrè, ìdákẹ́jẹ́ ló ń bá padà. Akọ̀ròyìn kan, Clara, ló wá bẹ̀rẹ̀ ìwádìí. Ó lọ sọ́dọ̀ ìyá Monica, ó lọ sọ́dọ̀ Cynthia ọ̀rẹ́ rẹ̀, ó ń ṣa ìtàn náà jọ ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Bí ó ṣe ń ṣà á ni òǹwòran náà ń rí ìfipábánilò tó ṣáájú, ìgbéyàwó tí wọ́n fi bò ó mọ́lẹ̀, àti ìyà tó wà nínú ìgbéyàwó ọ̀hún.

Ọ̀nà mìíràn wà tí òǹkọ̀wé lè gbà sọ ìtàn yìí, tí yóò sì rọrùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ó lè fi Monica ṣe asọ̀tàn, kí ó ròyìn ohun tí ojú rẹ̀ rí láti ìbẹ̀rẹ̀. Lee kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó fi akọ̀ròyìn sáàárín àwa àti obìnrin náà, ó sì jẹ́ kí a rí i pé Clara nílò Monica ju bí Monica ṣe nílò rẹ̀ lọ. Clara ní ìròyìn láti kọ; Monica ti ṣe ohun tó fẹ́ ṣe tán. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn ni ohun-ìní kan ṣoṣo tó kù sí i lọ́wọ́, akọ̀ròyìn sì wá láti gbà á. Òótọ́ ni pé Clara jẹ́ ènìyàn rere, pé àánú Monica ń ṣe é, pé obìnrin bíi tirẹ̀ ni. Síbẹ̀, ìran kọ̀ọ̀kan tó bá ti parí ń fi kún ohun tí Clara mọ̀, kò sì fi ohunkóhun kún ohun tí Monica ní.

Ní 1981, Salome jáde. Laurice Guillen ni olùdarí rẹ̀, ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ nínú sinimá kò jọ ti Diaz-Abaya rárá. Ìpànìyàn tún ni. Obìnrin tún ni ọ̀rọ̀ náà dá lé lórí. Lọ́tẹ̀ yìí, ẹ̀dà ìtàn náà ju ọ̀kan lọ, èyí sì ń ta ko èyí, gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ń sọ ọ́ ṣe fẹ́ kí ojú òun mọ́. Kò sí akọ̀ròyìn níhìn-ín. Òǹwòran ni wọ́n sọ di akọ̀ròyìn, tó ń fi ẹ̀rí wé ẹ̀rí, tó sì ń ní ìgbádùn níbi tí ẹlòmíràn ti kú. Ní ọdún yẹn kan náà ni a tẹ ìwé-eré méjèèjì pọ̀ sínú ìwé kan, Brutal/Salome. Ó yẹ kí lámèyítọ́ dúró díẹ̀ lórí èyí. Nínú ilé sinimá, fíìmù méjì ni wọ́n, ti olùdarí méjì. Lórí pẹpẹ ìwé, ìwé ẹnì kan ni, wọ́n sì ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ bí ọmọ ìyá. Àwọn lámèyítọ́ a máa pe Brutal, Moral (1982) àti Karnal (1983) ní ìtàn mẹ́ta tí Diaz-Abaya fi sọ ọ̀rọ̀ àwọn obìnrin. Bẹ́ẹ̀ sì ni, ṣùgbọ́n Lee ló kọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, Salome sì yẹ kó bá wọn jókòó bí kì í bá ṣe pé olùdarí mìíràn ló ni ín.

Ìgbà tí a bá dé Himala ni a ó mọ bí ọ̀rọ̀ náà ṣe wúwo tó. Iṣẹ́ ìyanu ni àkọlé náà túmọ̀ sí. Ní abúlé Cupang, níbi tí ọ̀dá ti mú ilẹ̀, ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Elsa rí ìran Màríà Wúńdíá lọ́jọ́ tí òṣùpá bo oòrùn lójú. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í wo aláìsàn sàn, èrò bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́ wá láti ibi gbogbo. Owó wọ abúlé. Wọ́n ń ta omi, wọ́n ń ta àbẹ́là. Nimia, ọ̀rẹ́ Elsa nígbà èwe, tó ti lọ ṣe aṣẹ́wó ní Manila, padà wá ṣí ilé ọtí. Láàárín àwọn àlejò náà ni Orly wà, adarí fíìmù tó fẹ́ fi kámẹ́rà rẹ̀ ká ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ní tòótọ́.

Orly ni kọ́kọ́rọ́ fíìmù yìí, àmọ́ ìwọ̀nba ni àwọn tó kọ̀wé lórí Himala ń sọ nípa rẹ̀, nítorí ìmọ́lẹ̀ tó wà lára Aunor ń bo gbogbo ènìyàn mọ́lẹ̀. Nígbà tí àwọn ọ̀dọ́kùnrin méjì láti Manila fipá bá Elsa àti Chayong ọ̀rẹ́ rẹ̀ lò, Orly wà nítòsí. Ó rí i. Kò pariwo, kò sáré gbà wọ́n. Ó yà á sínú kámẹ́rà. Lẹ́yìn náà ló tọ àlùfáà lọ láti jẹ́wọ́. Chayong gba ẹ̀mí ara rẹ̀, Elsa lóyún, àwọn èrò sì ń retí iṣẹ́ ìyanu mìíràn.

Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí òǹkọ̀wé ṣe níbí. Clara inú Brutal ń bèèrè ọ̀rọ̀ lẹ́yìn tí ìyà ti tán. Orly dúró ti ìyà náà nígbà tó ń lọ lọ́wọ́, ó sì fi ẹ̀rọ gbà á. Kálámù ti di kámẹ́rà, ìwádìí ti di ìdúrówòran. Lee kò sì fi ẹ̀ṣẹ̀ náà sí ọrùn akọ̀ròyìn tó jẹ́ àjèjì sí iṣẹ́ sinimá. Ọ̀rùn adarí fíìmù gan-an ló fi í sí. Bernal, tó jẹ́ adarí fíìmù, gba ìwé-eré yìí, ó sì darí òṣèré tó ń ṣe adarí fíìmù tó dákẹ́. Kò sí bí èrò náà yóò ṣe ta bá gbogbo àwọn tó dúró lẹ́yìn kámẹ́rà lọ́jọ́ náà láìyọ ẹnikẹ́ni sílẹ̀.

Ibì kan tún wà tí ọ̀rọ̀ náà ti ta bá òǹkọ̀wé fúnra rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ tó ná owó lé Himala lórí ni Experimental Cinema of the Philippines, tí ìjọba dá sílẹ̀ ní 1982, tí Imee Marcos, ọmọ ààrẹ, sì jẹ́ olórí rẹ̀. Ìlú Paoay ní Ilocos Norte, ẹkùn ìbí Marcos, ni wọ́n ti ya fíìmù náà. Ìjọba tó ti Lee mọ́lé ní 1974 ló wá fún un ní owó ní 1982. Àwọn kan lè sọ pé ó jẹun pẹ̀lú ẹni tó nà án. Ẹ̀sùn náà kò ṣeé fọwọ́ gbá sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ṣùgbọ́n ohun tó kọ sínú ìwé-eré náà yẹ kó bá a sọ̀rọ̀. Kò sí ológun nínú Himala, kò sí ààrẹ, kò sí ẹ̀wọ̀n. Èrò tó fẹ́ gba ẹnì kan gbọ́ títí yóò fi kú ló wà níbẹ̀, pẹ̀lú àwọn oníṣòwò tó ń jẹ nínú ìgbàgbọ́ náà, àti ọkùnrin kan tó ní ẹ̀rí lọ́wọ́ tó sì gbé e pamọ́. Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là á sọ fún ọmọlúàbí. Nígbà tí Elsa dúró níwájú èrò níkẹyìn láti sọ fún wọn pé kò sí iṣẹ́ ìyanu, ìbọn ló fi gba èsì, èrò náà sì tún kúnlẹ̀, wọ́n ń gbàdúrà. Fíìmù náà lọ sí ìdíje Berlin ní Jámánì ní 1983. Ní 2008, àwọn òǹwòran CNN dìbò yàn án ní fíìmù tó dára jù lọ ní agbègbè Éṣíà àti Pàsífíìkì.

Moral kò ní ẹlẹ́rìí kankan irú èyí. Ọ̀rẹ́ obìnrin mẹ́rin ń gbé ayé wọn, ọdún ń yí lu ọdún, àhunpọ̀ ìtàn náà sì rọ̀ bí ìtàn tí a ń sọ lálẹ́. Ó dára kí a sọ ọ́, kí ẹnikẹ́ni má bàa rò pé ojú kan ṣoṣo ni Lee ní. Relasyon, tí òun àti àwọn mìíràn jọ kọ fún Bernal ní ọdún kan náà, kò bá ọ̀rọ̀ yìí lọ rárá.

Láti ìgbà náà, iṣẹ́ ń pọ̀ sí i. Ìwé-eré tí Lee kọ ti ju 150 lọ, kò sì sí ẹni tó lè kọ tó bẹ́ẹ̀ kí gbogbo rẹ̀ gún régé. Èyí tó dun ni jù nínú àwọn tí kò gún ni The Flor Contemplacion Story (1995), tí òun àti Bonifacio Ilagan kọ, tí Joel Lamangan darí. Ọmọ-ọ̀dọ̀ ni Flor Contemplacion, ọmọ ilẹ̀ Filipínì tó lọ ṣiṣẹ́ ní Singapore. Wọ́n dá a lẹ́bi ikú ọmọ-ọ̀dọ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan àti ọmọ kékeré kan, wọ́n sì yẹgi fún un ní ọjọ́ 17 oṣù kẹta ọdún 1995. Ọ̀pọ̀ àwọn ará ilẹ̀ rẹ̀ gbà pé kò jẹ̀bi. Ìbínú gba ìgboro Manila. Láàárín ọdún yẹn kan náà, fíìmù ti jáde, Nora Aunor ló ṣe Flor, fíìmù náà sì gba ẹ̀bùn tó ga jù lọ ní àjọ̀dún Cairo ní Íjíbítì, tí Aunor gba ti òṣèrébìnrin tó dára jù.

Ẹni tó kọ Orly ni yìí, tó wá dúró síbi tí Orly dúró sí. Ilẹ̀ ibojì obìnrin náà kò tíì gbẹ, àwọn ọmọ rẹ̀ ṣì ń ṣọ̀fọ̀. Ìdáhùn rere wà fún un: fíìmù náà fi ohùn fún ẹni tí a ti pa lẹ́nu mọ́, ó sì jẹ́ kí ayé mọ ohun tí àwọn ọmọ-ọ̀dọ̀ ilẹ̀ Filipínì ń rí lẹ́yìn odi. Ohun tó kù díẹ̀ káàtó ni pé fíìmù náà kò fi ìbéèrè ọdún 1982 sí àárín gbùngbùn ìtàn. Ó sunkún pẹ̀lú wa, kò sì bi wá léèrè ohun tí a wá wò. Bóyá ìkánjú ọjà ni, bóyá ọ̀fọ̀ náà tóbi ju kí ènìyàn máa bi ara rẹ̀ léèrè lọ.

Ó ṣeé ṣe kí ẹnì kan ta ko gbogbo àlàyé yìí pé iṣẹ́ àpapọ̀ ni sinimá, pé bí olùdarí bá yí ìran kan padà, tí òṣèré yọ gbólóhùn kan, tí ẹni tó ń gé fíìmù gé e, ta ni yóò lè sọ pé ti òǹkọ̀wé lèyí? Àtakò náà ní ẹsẹ̀ nílẹ̀. Bí àwọn èrò ṣe bo òkè ní Himala, ti Bernal ni. Bí ohùn Elsa ṣe rọlẹ̀ tó sì tún gbèrú, ti Aunor ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí ohun kan náà bá jẹyọ lọ́dọ̀ olùdarí mẹ́ta láàárín ọdún mẹ́ta, tí ẹnì kan ṣoṣo sì wà nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, iṣẹ́ lámèyítọ́ ni láti pe onítọ̀hún lórúkọ. Lee fúnra rẹ̀ ti fi ẹ̀rí sílẹ̀. Ní 1988 ó gbé ìwé Si Tatang at mga Himala ng Ating Panahon jáde, ó to ìtàn kúkúrú, ìròyìn tó kọ gẹ́gẹ́ bí akọ̀ròyìn àti ìwé-eré Himala pọ̀ sínú rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ń sọ pé odò kan ni gbogbo wọn ti ṣàn wá.

Kò sì há ìmọ̀ náà mọ́wọ́. Láti ọdún 1982 ló ti ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní ìwé-eré kíkọ láìgba owó, nínú ilé tirẹ̀, ọ̀pọ̀ àwọn tó ń kọ sinimá àti eré tẹlifíṣàn ní ilẹ̀ náà lónìí ló sì ti ibẹ̀ jáde. Trip to Quiapo ni ó sọ ìwé ìkọ́ni tó tẹ̀ jáde ní 1998, Quiapo sì jẹ́ àdúgbò ọjà àti ìjọsìn láàárín Manila. Ọ̀nà kan kò wọjà. Ohun tí àkọlé náà ń sọ nìyẹn fún ẹni tó fẹ́ kọ́ ìwé-eré kíkọ.

Ní ọdún 1998 yẹn kan náà ni ìbéèrè àtijọ́ yọjú padà, níbi tí ènìyàn kò ti retí rẹ̀. José Rizal jẹ́ fíìmù ńlá tí Diaz-Abaya darí ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí ilẹ̀ Filipínì kéde òmìnira lọ́wọ́ Sípéènì. Lee, Jun Lana àti Peter Ong Lim ló kọ ọ́. Ó rọrùn kí irú fíìmù bẹ́ẹ̀ di ère òkúta fún akọni. Ṣùgbọ́n nínú túbú, bí ikú Rizal ṣe ń sún mọ́, ẹni kan wọlé tọ̀ ọ́ wá: Simoun, ẹ̀dá-ìtàn inú ìwé tí Rizal fúnra rẹ̀ kọ. Ó wá láti bá òǹkọ̀wé náà jà lórí òpin tó fún un, ó fẹ́ kí ó tún un kọ. Ẹni tí a fi ìyà rẹ̀ ṣe ìtàn ti ń bèèrè ìṣirò. Monica kò sọ̀rọ̀, Elsa sọ̀rọ̀ fún èrò tí kò gbọ́. Simoun ló kọ́kọ́ wá bá ẹni tó dá a lójúkojú. Ẹni mẹ́ta ló kọ ọ́, òtítọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti mọ Brutal yóò mọ ọ̀nà tí ìran yìí gbà wọlé.

Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, ní 2008, nígbà tí Lee ti pé ẹni ọgọ́ta ọdún, ìwé ìtàn-àròsọ gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́, Para Kay B, jáde. Ìtàn ìfẹ́ márùn-ún ló wà nínú rẹ̀, ti obìnrin márùn-ún. Òǹkọ̀wé kan, Lucas, ló ń kọ wọ́n. Nígbà tí ìwé náà ń parí lọ, àwọn ẹ̀dá-ìtàn rẹ̀ wá kò ó lójú, wọ́n ń bi í nípa irú òpin tó fún wọn àti ẹ̀tọ́ tó ní láti fi ìbànújẹ́ wọn ṣe iṣẹ́. Lucas ní láti dá wọn lóhùn fúnra rẹ̀. Kò sí Bernal, kò sí Diaz-Abaya, kò sí kámẹ́rà kankan láàárín òun àti wọn.